Ọ̀yà Tí Mo Fẹ́ Sọ Di Ẹja

Díẹ̀ ló kù kí n pàdánù ìyàwó mi nítorí oúnjẹ. Kì í ṣe pé mo jẹun jù nílé wọn, n kò sì kọ oúnjẹ ìyá rẹ̀. Ìmọ̀ ló fẹ́ pa mí. Tíṣà ìtàn ni mí, ní ilé-ìwé girama kan ní Adó-Èkìtì níbí, ẹni tó bá sì ti bá tíṣà ìtàn gbé rí yóò mọ̀ pé bí a bá ti mọ nǹkan kan, ara kì í rọ̀ wá títí a ó fi sọ ọ́. Kò kàn wá bóyá ẹnikẹ́ni béèrè.

Ní ọ̀sẹ̀ tí mò ń sọ yìí, ohun tí mò ń kọ́ àwọn ọmọ kíláàsì mi ni oúnjẹ tí olówó àti tálákà ń jẹ ní ilẹ̀ Yúróòpù láyé ọjọ́un, nígbà tí àwọn ìjòyè ń gbé inú ilé olódi, tí àwọn tálákà sì ń roko fún wọn. Mo fẹ́ràn ẹ̀kọ́ náà ju gbogbo ẹ̀kọ́ yòókù lọ. Ó máa ń bọ́ sí àkókò tí ebi ti ń pa àwọn ọmọ, bí a bá sì ti ń sọ̀rọ̀ oúnjẹ fún ẹni tí ebi ń pa, etí rẹ̀ á là. Mo sọ fún wọn pé olówó ló ń jẹ búrẹ́dì funfun, pé dúdú ni ti tálákà, ó sì le débi pé ẹni tí eyín rẹ̀ kò dáa kò gbọdọ̀ bá a fà á. Mo ní olówó a máa da kànáfùrù àti ata ilẹ̀ àti ṣúgà lé ẹran kan ṣoṣo lórí, kì í ṣe torí pé ó dùn, bí kò ṣe kí àlejò lè mọ̀ pé owó ń bẹ nínú ilé. Mo ní àárín tábìlì ni wọ́n ń gbé iyọ̀ sí, ẹni pàtàkì á jókòó lókè iyọ̀, ẹni yẹpẹrẹ á jókòó nísàlẹ̀ rẹ̀. Ọmọbìnrin kan nawọ́ sókè, ó ní, "Sà, bí ẹni tó wà nísàlẹ̀ bá fẹ́ iyọ̀ ńkọ́?" Mo ní kó jókòó. N kò mọ̀ ọ́n, ó sì máa ń bí mi nínú gan-an tí wọ́n bá bi mí ní ohun tí n kò mọ̀.

Apá tí mo fẹ́ràn jù nínú ẹ̀kọ́ náà ni ti Fúráìdé. Àgùdà ni gbogbo wọn lọ́hùn-ún nígbà náà, wọn kì í sì í jẹ ẹran ní Fúráìdé, tàbí nígbà ààwẹ̀ Lẹ́ńtì. Èyí kò ni tálákà lára. Ẹran kò sí nílé rẹ̀ tẹ́lẹ̀. Ẹ̀wà, àlùbọ́sà àti ẹ̀fọ́ ni wọ́n ń sè pa pọ̀ nínú ìkòkò kan láti ọjọ́ Ajé títí dé ọjọ́ Àìkú, bí ẹja bá sì kàn án rárá, ẹja oníyọ̀ ni, tàbí páńla tí wọ́n ní láti fi òòlù lù kó tó rọ̀. Olówó ni ìyà ń jẹ. Wọ́n gbẹ́ adágún sí ẹ̀yìnkùlé, wọ́n ń sin ẹja tútù níbẹ̀, ẹja sì tún sú wọn. Ni wọ́n bá bẹ̀rẹ̀ sí í ronú. Ẹranko kan wà lọ́dọ̀ wọn tí wọ́n ń pè ní bífà. Ó dà bí òkété ńlá, àmọ́ ìrù rẹ̀ rí pẹlẹbẹ bí igbákọ, etí odò ló ń gbé, ó sì mọ̀ ọ́n lúwẹ̀ẹ́. Àwọn kan lára wọn, títí kan àwọn mọ́ńkì, àwọn ọkùnrin ìjọ tó jẹ́ pé àdúrà àti ààwẹ̀ niṣẹ́ wọn, ní ohun tó bá ti ń gbé inú omi, ẹja ni. Bí bífà ṣe di ẹja nìyẹn. Wọ́n jẹ ẹ́ ní Lẹ́ńtì, wọ́n nu ẹnu, wọ́n sì dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́run.

Àwọn ọmọ rẹ́rìn-ín títí agogo fi lù. Mo jáde ní kíláàsì lọ́jọ́ náà, mo ń rìn bí ẹni tó ni ilé-ìwé.

Wàyí o, nọ́ọ̀sì kan wà nígbà náà tí mo ti pinnu pé òun ni n ó fẹ́, tí òun náà sì gbà. Ó ku bàbá rẹ̀. Àgbẹ̀ ni bàbá yìí ní Ìgèdè-Èkìtì, Àgùdà pọ́ńbélé, tó ti ń kọ́ àwọn èèyàn ní katikísì nínú ìjọ wọn láti ìgbà tí a kò tíì bí èmi. Ọkùnrin méjì ti lọ síwájú mi, bàbá sì ti dá àwọn méjèèjì padà. Èkíní ń wo fóònù nígbà tí bàbá ń gbàdúrà. Èkejì fara balẹ̀ ní tirẹ̀, ṣùgbọ́n ó purọ́ kékeré kan nípa iṣẹ́ tó ń ṣe, bàbá sì mọ̀. Nọ́ọ̀sì mi sọ fún mi gbangba pé bí bàbá òun bá kọ̀ mí, òun kò ní í bá mi sá lọ sí ibìkankan. Ó ní òun fẹ́ràn mi, àmọ́ òun kò lè fi bàbá òun sílẹ̀ kó máa wo òun bí ẹni tó ti kú. Mo mọ̀ pé ó ń sọ òótọ́. Ẹ̀rù bà mí débi pé n kò sùn dáadáa fún ọ̀sẹ̀ kan.

Ó pè mí, ó ní, "Fúráìdé ni mo ní ọ́ọ̀fù. Ṣé o lè wá?"

Mo ní mo lè wá, ìsinmi ààrin sáà wa bọ́ sí ọjọ́ náà.

Ó ní, "Bàbá mi kì í mutí o. Má ra ọtí. Ohun tó bá ti ilẹ̀ wá ni kó o mú dání."

Mo rò ó títí, mo ní ìrẹsì Ìgbẹ̀mọ ni n ó gbé lọ. Kò sẹ́ni tí kò mọ ìrẹsì Ìgbẹ̀mọ ní Èkìtì. Ní Tọ́sìdeè, bí a ṣe jáde ilé-ìwé, mo gun ọ̀kadà lọ síbẹ̀ fúnra mi, kí wọ́n má bàa ta ayédèrú fún mi l'Ádó. A kò tíì dé ìlú náà tí mo fi rí ọdẹ kan létí ọ̀nà tó gbé odindi ọ̀yà gbígbẹ dání, tó ń fi í han àwọn ọlọ́kọ̀. Ọ̀yà náà sanra. Wọ́n ti fi iná yan án dáadáa, awọ ara rẹ̀ ń dán, eyín rẹ̀ méjèèjì yọ síta. Ojú mi kúrò lára ìrẹsì. Mo sọ fún ara mi pé ẹni tó bá gbé ìrẹsì wá, àlejò ni, ẹni tó bá gbé odindi ọ̀yà wá, àna ni. Mo ra ọ̀yà. Ìrẹsì di ti ọjọ́ mìíràn.

Mo mọ ohun tí ẹ ń rò. Ẹ ń rò pé ọkùnrin yìí ṣẹ̀ṣẹ̀ kọ́ odindi kíláàsì lọ́jọ́ Wẹ́sìdeè pé Àgùdà kì í jẹ ẹran ní Fúráìdé, báwo ló ṣe ra ẹran lọ́jọ́ Tọ́sìdeè láti gbé e lọ fún Àgùdà ní Fúráìdé, nínú Lẹ́ńtì? Èmi náà ti bi ara mi. Ohun tó ṣẹlẹ̀ ni pé lójú tèmi, àwọn tí kì í jẹ ẹran ní Fúráìdé ti kú tipẹ́, inú ìwé ni wọ́n wà. Kò wá sí mi lọ́kàn pé wọ́n ṣì wà ní Ìgèdè. Ẹ tún má gbàgbé pé èmi kì í ṣe Àgùdà. Nínú ìjọ tí wọ́n bí mi sí, ààwẹ̀ ni kí o má fi ẹnu kan nǹkankan títí di aago mẹ́fà ìrọ̀lẹ́. Bí aago mẹ́fà bá ti lù, bí o bá fẹ́ kí o dá odindi ewúrẹ́ jẹ, kò sẹ́ni tí yóò bi ọ́.

Ní Fúráìdé, èmi àti nọ́ọ̀sì pàdé ní àdúgbò Adébáyọ̀ l'Ádó, a wọ mọ́tò lọ sí Ìgèdè. Mo gbé báàgì mi lé orí ẹsẹ̀. Nígbà tó yá, ó fa imú.

Ó ní, "Kí ló ń rùn bí nǹkan yíyan báyìí?"

Mo ní, "Ẹ̀bùn bàbá ni. Má yẹ̀ ẹ́ wò, kí ó bá ọ lójijì."

Ó rẹ́rìn-ín músẹ́, ó ní, "O káre. O rántí." Ó rò pé ẹja gbígbẹ ni. Èmi rò pé ó ń yìn mí nítorí pé n kò ra ọtí. Inú àwa méjèèjì dùn títí a fi dé ilé wọn.

Mo dọ̀bálẹ̀ fún bàbá, mo dọ̀bálẹ̀ dáadáa, àyà mi kanlẹ̀ gan-an. Ó ní kí n dìde. Ọkùnrin gíga tó rí pẹ́lẹ́ńgẹ́ ni, kì í sáré sọ̀rọ̀. Ó bi mí ní ìlú tí mo ti wá, mo sọ. Ó bi mí ní iṣẹ́ tí mò ń ṣe, mo sọ ọ́ bó ṣe rí, n kò fi nǹkankan kún un. Ó gbàdúrà, fóònù mi wà ní pípa nínú àpò. Ó ń mi orí díẹ̀díẹ̀. Nọ́ọ̀sì mi ń wò mí láti ẹnu ọ̀nà, ojú rẹ̀ ń tàn. Mo ní Ọlọ́run, ó ti ṣẹ.

Ìyá rẹ̀ ti gba báàgì lọ́wọ́ mi lọ sínú ilé ìdáná. A gbọ́ igbe ayọ̀ kan, lẹ́yìn náà gbogbo rẹ̀ wá dákẹ́. Màmá jáde. Ó gbé ọ̀yà náà sórí àwo fẹ̀ǹfẹ̀, ó gbé e síwájú bàbá. Ọ̀yà náà dùbúlẹ̀ síbẹ̀, ó ń fi eyín hàn wá.

Bàbá ní, "Kí nìyí?"

Mo ní, "Ọ̀yà ni sà. Kí ẹ lè rí nǹkan fi jẹ uyán."

"Tíṣà."

"Sà."

"Ọjọ́ wo lòní?"

Mo ṣí ẹnu láti sọ pé Fúráìdé ni. Bí mo ṣe ń pe ọ̀rọ̀ náà ni ojú mi bọ́ sára kàlẹ́ńdà ìjọ wọn tó wà lára ògiri. Ohun tí mo fi kọ́ ọmọ ọlọ́mọ lọ́jọ́ Wẹ́sìdeè wá já lé mi lórí lẹ́ẹ̀kan náà. Mo wo nọ́ọ̀sì. Ó ti fi ọwọ́ bo ẹnu.

Ọlọ́gbọ́n èèyàn ì bá tọrọ àforíjì. Ọ̀rọ̀ kan péré ni, ẹ jọ̀ọ́, mo gbàgbé. Ṣùgbọ́n ojú tì mí, bí ojú bá sì ti ti èmi, ẹ̀kọ́ ni mo máa ń bẹ̀rẹ̀ sí í kọ́ni. Mo ní, "Bàbá, ẹ jẹ́ kí n sọ nǹkan kan fún yín nípa àwọn Àgùdà ayé àtijọ́."

Mo bẹ̀rẹ̀. Mo sọ ti bífà. Mo sọ ti ìrù rẹ̀. Mo ṣàlàyé pé àwọn mọ́ńkì, tó jẹ́ pé bí wọ́n bá jí, Ọlọ́run, bí wọ́n bá sùn, Ọlọ́run, jẹ ẹ́ ní Lẹ́ńtì torí pé etí odò ló ń gbé. Mo wá sọ ọ̀rọ̀ náà kalẹ̀ pé ọ̀yà pẹ̀lú, etí odò ló ń gbé, ọ̀yà pẹ̀lú mọ̀ ọ́n lúwẹ̀ẹ́, nítorí náà, tí a bá wò ó dáadáa, irú ẹja kan ni.

Màmá ní, "Òótọ́ ni o!" Ó ti fa àga jókòó. "Ojú mi ni ọ̀kan ṣe bọ́ sómi lọ́jọ́ tí mo lọ rẹ ẹ̀gẹ́ lódò. Ó lúwẹ̀ẹ́ dé òdìkejì. Ẹja kò lè lúwẹ̀ẹ́ jù bẹ́ẹ̀ lọ."

Bí mo ṣe rí i pé màmá ti wà lẹ́yìn mi, ara mi yá gágá. Mo ní kì í ṣe bífà nìkan. Mo ní wọ́n tún ní pẹ́pẹ́yẹ kan wà lójú òkun tí ẹnikẹ́ni kò rí ìtẹ́ rẹ̀ rí, wọ́n ní ara igi tó ń léfòó lójú omi ló ti ń so bí èso, nítorí náà òun náà kì í ṣe ẹran. Màmá ní, "Ẹ gbọ́ nǹkan!" Nọ́ọ̀sì ti wá dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ àga mi, ó sì tẹ̀ mí lẹ́sẹ̀ mọ́lẹ̀. N kò dúró.

Bàbá kò bínú. Ó fara balẹ̀ gbọ́ mi tán. Ó wá ní, "Ta ló jẹ bífà yẹn gan-an?"

"Àwọn ìjòyè sà. Àti àwọn olórí mọ́ńkì."

"Àwọn àgbẹ̀ ńkọ́?"

"Àwọn àgbẹ̀ kò jẹ ẹ́ sà."

"Kí ló fà á?"

"Olówó ló ni ugbó. Bí wọ́n bá mú àgbẹ̀ tó ń ṣọdẹ níbẹ̀, ó jìyà nìyẹn."

"Kí wá ni àgbẹ̀ ń jẹ ní Fúráìdé?"

"Ẹ̀wà sà. Ẹ̀wà, àlùbọ́sà àti búrẹ́dì dúdú."

"Ní Mọ́ńdè ńkọ́?"

"Ẹ̀wà náà ni sà."

"Sọ́ńdè?"

Mo ronú. Mo ní, "Bí Ọlọ́run bá ṣe é, wọ́n lè rí ọ̀rá ẹlẹ́dẹ̀ díẹ̀ fi sí i."

Bàbá fi ọwọ́ ti àwo ọ̀yà sẹ́yìn díẹ̀, kó lè rí ojú mi dáadáa.

Ó ní, "Nígbà tí mo wà lọ́mọdé, ojoojúmọ́ ni Fúráìdé nínú ulé bàbá mi. Kò sí ẹni tó kọ́ wa ní katikísì. Ẹran ni kò sí. Bí wọ́n bá pa ẹran nílùú, òórùn rẹ̀ la máa ń gbọ́. Nígbà tí mo wá di Àgùdà, fádà dúró níwájú wa, ó ní kí gbogbo wa má jẹ ẹran ní Fúráìdé. Dókítà wà lórí ìjókòó, lọ́yà wà níbẹ̀, ọ̀gá ńlá iléeṣẹ́ ìjọba wà níbẹ̀. Ó ní gbogbo wa. Tíṣà, mo rẹ́rìn-ín lọ́jọ́ náà. Mo ní ọjọ́ kan ti wà nínú ọ̀sẹ̀ wàyí tí ọ̀gá yẹn ń jẹ ohun tí èmi ń jẹ. Láti ìgbà náà, n kò jẹ ẹran ní Fúráìdé rí, kódà nígbà tí ọwọ́ mi tó o. Ẹ̀yin tí ẹ mọ̀wé wá ní ọ̀yà ti di ẹja. Ó dáa. Ẹni tó ní ọ̀yà á jẹ ọ̀yà, ẹni tí kò ní á jẹ ẹ̀fọ́. Ọjọ́ kan ṣoṣo tí a ní, ẹ ti gbà á."

Ọdún mọ́kànlá ni mo ti ń kọ́ ẹ̀kọ́ náà. Gbogbo ìgbà ni mo máa ń rẹ́rìn-ín tí mo bá dé ibi bífà. N kò ronú lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo nípa ẹni tó ń wò wọ́n láti ìsàlẹ̀ tábìlì.

Mo rò pé ó ti parí ọ̀rọ̀ rẹ̀, àmọ́ kò tíì parí. Ó wo ọmọ rẹ̀, ó tún wò mí. Ó ní, "Mo mọ̀ pé o gbàgbé ni. Ìgbàgbé kò pa èèyàn. Èyí tí mò ń rò ni pé o sọ ọ̀yà di ẹja nítorí kí ojú má baà tì ọ́. Lọ́jọ́ tí o bá ṣẹ ọmọ mi nínú ulé rẹ, kí lo máa sọ ẹ̀ṣẹ̀ náà dà?"

Mo gbọ́ tí nọ́ọ̀sì mi ń mí lẹ́yìn mi. Mo mọ̀ pé bí mo bá tún sọ ọ̀rọ̀ ọlọ́gbọ́n kan pẹ́nrẹ́n, n kò ní í rí i mọ́ láyé mi.

Mo dìde lórí àga, mo dọ̀bálẹ̀ lẹ́ẹ̀kejì. Mo ní, "Bàbá, ẹ dárí jì mí. Mo gbàgbé pé Lẹ́ńtì ni. Nígbà tí mo rántí, ẹ̀rù bà mí pé ẹ ó lé mi, torí mo fẹ́ràn ọmọ yín gan-an ni. Irọ́ ni mo ń pa. Ẹran ni ọ̀yà."

Màmá mí kanlẹ̀. Ó dìde, ó gbé àwo rẹ̀, ó sì ń gbé ọ̀yà padà lọ sínú ilé ìdáná bí ẹni tó ń gbé òkú ará ilé lọ. Ó ní, "Àní ẹ jẹ́ ká tiẹ̀ fi ṣe ẹja títí di ìrọ̀lẹ́."

Bàbá kò sọ pé ó ti dárí jì mí, kò sì sọ pé kò dárí jì mí. Ó ní kí wọ́n gbé oúnjẹ wá. Uyán ni, àti ẹ̀fọ́ tí wọ́n fi irú sè. Ẹja gan-an kò sí nínú rẹ̀, torí pé obìnrin tó ń ta ẹja ládùúgbò kò wá lọ́jọ́ náà. Bàbá fà á síwájú èmi àti òun, ó ní kí n wẹ ọwọ́. Àwo kan náà ni a ti jẹ. Ebi ti pa mí, ẹ̀rù sì ń bà mí. N kò mọ èwo nínú méjèèjì ló jẹ́ kí ẹ̀fọ́ náà dùn tó bẹ́ẹ̀. Mo tiẹ̀ fẹ́ sọ nípa ọbẹ̀ ẹ̀fọ́ àwọn tálákà ayé àtijọ́, mo bá ki òkèlè sẹ́nu.

Nígbà tí a jẹ ẹ́ dé ìdajì, bàbá ní, "Búrẹ́dì dúdú yẹn, ṣé wọ́n gbádùn ẹ̀?"

Mo ní, "N kò mọ̀ sà."

Ó mi orí. Ó ti ẹ̀fọ́ díẹ̀ sí apá tèmi nínú àwo náà. A jẹ uyán náà tán.

Oòrùn ti ń rọlẹ̀ nígbà tí mo ní mo fẹ́ máa lọ. Kò tíì sọ nǹkankan lórí ọ̀rọ̀ tó gbé mi wá, èmi náà kò sì ní ẹnu láti bi í. Mo dọ̀bálẹ̀, ó ní kí Ọlọ́run sìn mí. Nọ́ọ̀sì mi ń sìn mí jáde, kò wo ojú mi. A ti dé ojú títì nígbà tí bàbá yọ sí ẹnu ọ̀nà.

Ó ní, "Tíṣà!"

Mo ní, "Sà!"

"Lọ́la Sátidé, a ó se ọ̀yà rẹ. Wá jẹ ẹ́."

"Ẹ ṣé sà."

"Má dá wá o. Bá bàbá àti ìyá rẹ wá. Ó ti tóbi ju ohun tí ulé kan lè dá jẹ lọ."

Ó yí padà, ó wọlé. Nọ́ọ̀sì mi jókòó sórí òkúta létí títì, ó bú sẹ́kún, èmi náà sì jókòó tì í, mo bá a sun ún.